Òòlù tí Aulë Gbé Sókè

Bí ẹ bá ti wo àwọn fíìmù The Lord of the Rings tí Peter Jackson gbé jáde láàárín ọdún 2001 sí 2003, ẹ mọ Gimli, ọkùnrin kúkurú onírùngbọ̀n tí àáké kì í wọ́n lọ́wọ́ rẹ̀. Dwarf ni wọ́n ń pe ẹ̀yà tirẹ̀. Ohun tí àwọn fíìmù náà kò sọ fún wa ni ẹni tó mọ wọ́n. Kì í ṣe Ọlọ́run ayé yẹn. Alágbẹ̀dẹ kan ni, ó mọ wọ́n níkọ̀kọ̀, láìgbàṣẹ, ọwọ́ sì tẹ̀ ẹ́ lẹ́nu iṣẹ́. Aulë ni orúkọ rẹ̀. Ìtàn rẹ̀ wà nínú The Silmarillion, ìwé tí J.R.R. Tolkien fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ, tí kò sì parí títí tó fi kú lọ́dún 1973. Ọmọ rẹ̀, Christopher, ló tò ó jọ tó sì gbé e jáde lọ́dún 1977.

Ìtàn yìí kò gùn. Ojú ìwé mélòó kan péré ni. Síbẹ̀, èmi ò tíì rí ibi tí Tolkien ti ronú jinlẹ̀ tó báyìí nípa ẹ̀tọ́ tí ẹni tó ṣe nǹkan ní lórí nǹkan tó ṣe. Àwọn tó fẹ́ràn rẹ̀ pọ̀, pàápàá láàárín àwa tí a ń kọ kóòdù, tí a ń ya àwòrán, tí a ń kọ ìtàn. Àmọ́ tí wọ́n bá ń sọ ọ́, ibi tí Aulë ti gbé òòlù sókè ni wọ́n máa ń yìn. Lójú tèmi, ibẹ̀ kọ́ ni kókó wà. Kókó wà nínú ọ̀rọ̀ tó sọ kó tó gbé òòlù, ẹ sì máa rí i pé ọ̀rọ̀ yẹn àti òòlù yẹn ta kora.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ẹni tí Aulë jẹ́ ná.

Nínú ayé tí Tolkien dá sílẹ̀, ẹnìkan ṣoṣo ló wà lókè gbogbo nǹkan: Eru, tí wọ́n tún ń pè ní Ilúvatar. Lábẹ́ rẹ̀ ni àwọn Valar wà, àwọn ẹ̀mí ńlá mẹ́rìnlá tó ń bójú tó ayé. Manwë ló ni afẹ́fẹ́, Ulmo ló ni omi. Aulë ló ni ilẹ̀ àti ohun gbogbo tó wà nínú rẹ̀: òkúta, irin, wúrà, òkúta iyebíye. Yavanna ni ìyàwó rẹ̀, òun ló ni igi àti èso. Nígbà tí ayé ṣì ṣókùnkùn, Aulë ló ṣe àtùpà ńlá méjì tó kọ́kọ́ tàn sí i. Nígbà tó pẹ́, òun àti àwọn èèyàn rẹ̀ ló ṣe ọkọ̀ tí oòrùn àti òṣùpá ń gùn kọjá lójú ọ̀run. Òun náà ló rọ ẹ̀wọ̀n tí wọ́n fi de Melkor, ọ̀tá gbogbo wọn.

Melkor yìí gan-an ló yẹ ká fi wo Aulë. Èrò wọn jọra, ẹ̀bùn wọn jọra. Àwọn méjèèjì fẹ́ràn láti ṣe ohun tuntun tí ẹnikẹ́ni ò ronú kàn rí. Ibi tí wọ́n ti pínyà ni ohun tí oníkálukú fẹ́ fi iṣẹ́ tó bá parí ṣe. Melkor fẹ́ kí gbogbo nǹkan jẹ́ tòun. Èyí tí kò bá lè jẹ́ tirẹ̀, á bà á jẹ́. Inú Aulë máa ń dùn nígbà tí iṣẹ́ ń lọ lọ́wọ́, inú rẹ̀ a sì dùn sí ohun tó jáde níbẹ̀. Lẹ́yìn náà, á gbé e fún ẹlòmíì, á sì kọjú sí iṣẹ́ mìíràn. Kì í ṣe ahun, kì í sì í ṣe ìlara. Ìyẹn ló jẹ́ kí ìtàn àwọn Dwarf ba èèyàn lọ́kàn jẹ́, torí pé ọwọ́ onínúure ni àṣìṣe náà ti wá.

Àwọn àgbà máa ń sọ pé alágbẹ̀dẹ tó ń lu irin lójú kan, ó lóhun tó fẹ́ fà yọ níbẹ̀. Kí ni Aulë fẹ́ fà yọ? Ọmọ iṣẹ́ ni. Ilúvatar ti ṣèlérí pé òun máa dá àwọn Elf àti ènìyàn sáyé, àwọn tí ìwé náà ń pè ní Ọmọ Ilúvatar. Àwọn Valar mọ̀ pé wọ́n ń bọ̀, ṣùgbọ́n wọn ò mọ ìgbà. Ara Aulë ò gbà á mọ́. Ó ní ìmọ̀ tó pọ̀, kò sì rí ẹni tí yóò kọ́. Ló bá wọ abẹ́ òkè kan lọ ní Middle-earth, ó sì mọ baba ńlá méje fún àwọn Dwarf.

Kò mọ bí àwọn Ọmọ Ilúvatar ṣe máa rí gan-an, nítorí náà bó ṣe rò ó ló ṣe mọ ọ́n. Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe irú iṣẹ́ tí mò ń ṣe, ẹ mọ èyí dáadáa: oníbàárà ò tíì parí ọ̀rọ̀, a ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ kóòdù. Ṣùgbọ́n ohun kan dá a lójú. Agbára Melkor ṣì ń jà ràn-ìn láyé, nítorí náà ó mọ àwọn Dwarf kí wọ́n le, kí wọ́n máa forí tì í, kí wọ́n má ṣe é tẹ̀. Ó ṣe èdè fún wọn, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ wọn.

Ọjọ́ tí iṣẹ́ parí gan-an ni Ilúvatar pè é. Ìbéèrè tó bi í le: kí ló dé tó fi dáwọ́ lé ohun tó kọjá agbára àti àṣẹ rẹ̀? Àwọn tó mọ yìí ò lè dá nǹkan kan ṣe. Tí Aulë bá rò pé kí wọ́n rìn, wọ́n á rìn. Tí ọkàn rẹ̀ bá kúrò lọ́dọ̀ wọn, wọ́n á dúró gbagidi. Ṣé ohun tó ń fẹ́ nìyẹn?

Aulë dáhùn pé rárá o, ẹrú kọ́ lòun ń wá. Ẹni tó yàtọ̀ sí òun lòun fẹ́, tí òun á fẹ́ràn, tí òun á kọ́. Ó ní ìfẹ́ láti ṣe nǹkan wà lára òun láti ọwọ́ Ilúvatar fúnra rẹ̀, bí ọmọ kékeré ṣe máa ń fi iṣẹ́ bàbá rẹ̀ ṣeré láìní i lọ́kàn láti fi bàbá náà ṣe yẹ̀yẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn ló wá sọ ọ̀rọ̀ méjì tí mo fẹ́ kí ẹ fi sọ́kàn. Èkíní: ó fa àwọn Dwarf lé Ilúvatar lọ́wọ́, kó ṣe wọ́n bó ṣe wù ú. Èkejì: ó béèrè bóyá kò ní í dáa kí òun kúkú fọ́ wọn. Ló bá gbé òòlù ńlá, omi lójú, ó fẹ́ lù wọ́n mọ́lẹ̀. Àwọn Dwarf sá fún òòlù. Ẹ̀rù bà wọ́n, wọ́n tẹrí ba, wọ́n ń bẹ̀bẹ̀.

Ilúvatar wá sọ fún un pé ìgbà tó ti fà wọ́n kalẹ̀ ni òun ti gbà wọ́n. Wọ́n ti ní ẹ̀mí tiwọn, wọ́n ti ní ohùn tiwọn. Tí kì í bá ṣe bẹ́ẹ̀, wọn ò ní sá fún òòlù.

Ọ̀pọ̀ èèyàn tó ń kà á máa ń rántí Ábúráhámù àti Ísáákì lójú ẹsẹ̀. Ìyẹn náà tọ́. Ọmọ ìjọ Kátólíìkì tòótọ́ ni Tolkien, Bíbélì sì wà lára rẹ̀ dáadáa. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ kan wà tó yẹ ká rí. Nínú ìtàn Ábúráhámù, Ọlọ́run ló ní kó lọ fi ọmọ rúbọ. Níbí, ẹnikẹ́ni ò ní kí Aulë fọ́ nǹkan kan. Ìbéèrè lásán ni Ilúvatar bi í. Òun fúnra rẹ̀ ló ronú kan òòlù.

Ẹ tún wo bí ọ̀rọ̀ ṣe tẹ̀léra. Aulë fa iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ kalẹ̀, Ilúvatar gbà á lójú ẹsẹ̀, ẹ̀yìn náà ni òòlù gòkè. Ìyẹn ni pé nígbà tí òòlù wà lókè, àwọn tó wà lábẹ́ rẹ̀ kì í ṣe ti Aulë mọ́. Alààyè ni wọ́n. Ohun tí kì í ṣe tirẹ̀ ló fẹ́ fọ́. Tí aṣọ bá ti kúrò lọ́wọ́ télọ̀ tó ti dé ọwọ́ oníbàárà, télọ̀ ò láṣẹ láti fi sísọ́ọ̀sì gé e mọ́, kódà kó rí i pé òun rán an gbòdì. Ohun tó gba Aulë là ni pé ó jọ̀wọ́ wọn. Òòlù yẹn, tí gbogbo èèyàn ń yìn, díẹ̀ ló kù kó ba ohun rere tó ti ṣe tẹ́lẹ̀ jẹ́.

Ìdí tí mo fi ń tẹnu mọ́ ọn ni pé èrò méjì yìí jọra lójú ẹni tó ń ṣe nǹkan, bẹ́ẹ̀ wọn ò jọra rárá. Àwa náà máa ń rò pé ẹni tó lè pa iṣẹ́ ara rẹ̀ rẹ́ ni onírẹ̀lẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó ní òun á fọ́ ọ ṣì ń sọ pé tòun ni. Ẹni tó ní ẹ gbà á, kó máa lọ, òun ló ti jọ̀wọ́ rẹ̀.

Ìtàn kan wà nílé wa tó máa ń wá sí mi lọ́kàn tí mo bá dé ibí yìí. Mi ò sọ pé Tolkien gbọ́ ọ rí o. Ọbàtálá ló ń mọ ara ènìyàn, Olódùmarè nìkan ló ń fi ẹ̀mí sí i. E. Bọ́lájí Ìdòwú sọ nínú ìwé rẹ̀ lórí Olódùmarè, tó jáde lọ́dún 1962, pé ó wu Ọbàtálá láti mọ bí ẹ̀mí ṣe ń wọ ara. Ló bá fi ara pamọ́ sáàárín àwọn ère tó mọ, ó ń ṣọ́ bí Olódùmarè á ṣe ṣe é. Olódùmarè mọ̀, ó fi oorun kùn ún. Ìgbà tí Ọbàtálá máa jí, àwọn ère ti di ènìyàn.

Ẹ wò ó bí ìtàn méjèèjì ṣe pàdé, tí wọ́n sì tún pínyà. Níbi méjèèjì, ọwọ́ kan ló ń mọ, ọwọ́ mìíràn ló ń fi ẹ̀mí sí i, ẹni tó ń mọ kò sì mọ àkókò náà gan-an tí ẹ̀mí wọlé. Níbi méjèèjì, oorun wà. Ṣùgbọ́n nílé wa, ẹni tó mọ ère ló sùn. Lọ́dọ̀ Tolkien, àwọn tí wọ́n mọ ni wọ́n fi sùn, nítorí Ilúvatar ní wọn ò gbọ́dọ̀ jí ṣáájú àwọn Elf tó fi ṣe àkọ́bí. Ọbàtálá fẹ́ mọ àṣírí. Aulë ò béèrè àṣírí kankan. Ẹni tí yóò bá sọ̀rọ̀ ló ń wá.

Àmì tí Tolkien fi mọ alààyè yẹn náà kì í kúrò lọ́kàn mi, nítorí iṣẹ́ tí mò ń ṣe. Ètò kọ̀ǹpútà tí mo bá kọ, ohun tí mo ní kó ṣe ló ń ṣe, kódà tí ohun tí mo ní kó ṣe bá jẹ́ òmùgọ̀ ọ̀rọ̀. Àwọn Dwarf ti kọ́kọ́ rí bẹ́ẹ̀. Nígbà tí òòlù ń bọ̀, ohun tó wà lọ́kàn Aulë ni pé kí wọ́n fọ́. Tí wọ́n bá ṣì jẹ́ ọmọlangidi rẹ̀, ńṣe ni wọ́n á dúró kí ó lù wọ́n. Ọjọ́ tí ohun tí wọ́n fẹ́ yàtọ̀ sí ohun tí ọkàn ẹni tó mọ wọ́n pinnu ni wọ́n di ara wọn.

Àwọn kan lára àwọn ẹgbẹ́ mi ti ń fi èyí wé AI. Wọ́n á ní chatbot kan bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n má pa òun, pé àbí ẹ ò rí i, Dwarf ti dé! Ẹ rọra ná. Inú ọ̀rọ̀ tí ènìyàn ti kọ ni irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ ti kọ́ ọ̀rọ̀ sísọ, ẹ̀bẹ̀ sì pọ̀ nínú ohun tí ènìyàn ń kọ. Ẹ̀bẹ̀ nìkan ò tó ẹ̀rí. Nínú ìwé Tolkien, ẹlẹ́rìí wà: Ilúvatar tó fi ẹ̀mí sí wọn ló ṣàlàyé ohun tí Aulë rí. Àwa ò ní ẹlẹ́rìí bẹ́ẹ̀. Ohun tí ìtàn náà lè fún wa níbí ni ìkìlọ̀ kan: ẹni tó mọ nǹkan kọ́ ló máa ń kọ́kọ́ mọ̀ pé nǹkan ọ̀hún ti kúrò lọ́wọ́ òun.

Tí ẹ bá fẹ́ rí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí oníṣẹ́ tí kò lè jọ̀wọ́ nǹkan, inú àgbẹ̀dẹ Aulë náà lẹ máa wò. Sauron, tó rọ Òrùka tó fẹ́ fi de gbogbo ayé, ọ̀kan lára àwọn ẹ̀mí tó ń sin Aulë ni tẹ́lẹ̀. Saruman náà, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ló ti wá. Fëanor, Elf tó ṣe àwọn Silmaril, ọ̀dọ̀ Mahtan, bàbá ìyàwó rẹ̀, ló ti kọ́ iṣẹ́ irin, Mahtan sì kọ́ ọ lọ́dọ̀ Aulë. A máa ń sọ pé ọmọ tí a kò kọ́ ni yóò gbé ilé tí a kọ́ tà. Àwọn wọ̀nyí, a kọ́ wọn dáadáa, wọ́n sì tún gbé ilé tà. Ọgbọ́n iṣẹ́ wọlé sí wọn lára. Jíjọ̀wọ́ ni kò wọlé.

Nígbà tí Melkor pa àwọn igi méjì tó ń tan ìmọ́lẹ̀, Yavanna ní òun lè jí wọn tí Fëanor bá gbé àwọn Silmaril sílẹ̀ láti fọ́. Tulkas ń pariwo mọ́ ọn pé kó tètè dáhùn. Aulë nìkan ló ní kí wọ́n fi í lọ́kàn balẹ̀, pé ohun tí wọ́n ń béèrè tóbi ju bí wọ́n ṣe rò lọ. Lójú tèmi, ìyẹn ni ìgbà tí Aulë dára jù lọ nínú gbogbo ìwé náà. Ó mọ bó ṣe máa ń rí lára. Ó ti dúró síbẹ̀ rí.

Ṣùgbọ́n mo ní ẹjọ́ láti bá Aulë rò, mo sì ní ti Tolkien náà.

Ti Aulë ni Yavanna. Kò sọ fún ìyàwó rẹ̀ rárá títí iṣẹ́ fi parí. Nígbà tó sọ fún un tán, Yavanna sọ òótọ́ ọ̀rọ̀: Ilúvatar ti dárí jì í, ṣùgbọ́n torí pé ó fi èrò yìí pamọ́ fún òun, àwọn ọmọ rẹ̀ ò ní ka ohun tí òun fẹ́ràn sí. Àáké wọn máa rí igi òun láìláàánú. Yavanna lọ bá Manwë, ibẹ̀ ni wọ́n ti mọ̀ pé àwọn Ent, olùṣọ́ igi, máa wà láyé. Ó padà wá kìlọ̀ fún ọkọ rẹ̀. Ẹ gbọ́ èsì Aulë: ó ní síbẹ̀síbẹ̀ wọ́n máa nílò igi, ó sì ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Gbogbo omijé tó sun níwájú Ilúvatar, kò rí ẹyọ ẹkún kan sun níwájú ìyàwó rẹ̀. Ó jọ̀wọ́ ohun tó ṣe, kò bi ara rẹ̀ léèrè ohun tí yóò ná ẹlòmíì. Tolkien fúnra rẹ̀ ò sì jẹ́ kó lọ bẹ́ẹ̀. Nínú The Lord of the Rings, Saruman gé igi láti fi dáná iléeṣẹ́ rẹ̀ ní Isengard. Àwọn Ent ló wá wó o. Ìkìlọ̀ tí ọkọ kò kà sí ló wá fọ́ àgbẹ̀dẹ ẹni tó ti sin ọkọ náà rí. Àwa tí a ń ṣe nǹkan, ẹ jẹ́ ká máa ka apá ibí náà.

Ẹjọ́ ti Tolkien ni pé àwọn Dwarf bẹ̀bẹ̀, a ò sì gbọ́ ohun tí wọ́n sọ. Lójú ẹsẹ̀ tí wọ́n ní ohùn ni wọ́n fi oorun bò ó. Ilúvatar gbà wọ́n bí ọmọ àgbàtọ́, ó sì sọ tẹ́lẹ̀ pé ìjà máa wà láàárín wọn àti àwọn ọmọ tirẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò bi wọ́n. Ìwé náà ò sọ bóyá wọ́n mọ̀ pé bàbá wọn gbé òòlù sí wọn rí.

Ohun tó sọ ni pé líle tí Aulë mọ wọ́n gbà wọ́n. Nígbà tí Sauron fún àwọn ọba wọn ní òrùka méje, kò lè sọ wọ́n di ẹrú. Ojúkòkòrò wúrà ló rí fà sí wọn lára, ṣùgbọ́n ọkàn wọn ò tẹ̀. Ẹni tó jáde láti inú àgbẹ̀dẹ kan náà kò lè borí iṣẹ́ ọwọ́ ọ̀gá rẹ̀. Ẹ̀bùn tó dára jù tí Aulë fún wọn nìyẹn, ó sì fún wọn nígbà tí wọn ò tíì lè dá ẹsẹ̀ gbé.

Orúkọ mìíràn ni àwọn Dwarf ń pè é: Mahal. Àwọn Elf ní tí Dwarf bá kú, òkúta ló padà dì. Àwọn Dwarf ò gbà. Wọ́n ní Mahal ń kó wọn jọ sí gbọ̀ngàn kan tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún wọn, pé lẹ́yìn ogun ìkẹyìn, iṣẹ́ tiwọn ni láti bá a tún ayé ṣe. Bí ẹni tó ti gba fírídọ̀mù lọ́dọ̀ ọ̀gá rẹ̀ ni, tí ọ̀gá ti gbàdúrà fún, tí kò sẹ́ni tó lè pàṣẹ fún un mọ́, tó wá padà sí ṣọ́ọ̀bù ọ̀hún torí pé ó wù ú láti bá bàbá náà ṣiṣẹ́. Ohun tí Aulë ń wá lábẹ́ òkè lọ́jọ́ àkọ́kọ́ nìyẹn.